Ata Tó Wọ Bàálù

Ojú ìwé méjì ni mo fi kọ ọ́ sílẹ̀ lẹ́nu Adékọ́yà lórí fóònù,
èmi tí mo fi ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n kọ́ ọmọ ọlọ́mọ ní ìṣirò,
tí n kò mọ iye ìṣẹ́jú tí ẹyin fi ń jinná
títí ìyá wọn fi kú.

"Bàbá, ẹ gé ẹran náà fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́."
Báwo ló ṣe máa fẹ́lẹ́ tó?
"Bí ìwé tí ẹ máa ń pín fún wa nígbà ìdánwò."

Làmídì alápatà gbé ọ̀bẹ sílẹ̀, ó wò mí.
Láti ayé bàbá rẹ̀ tí wọ́n ti ń pa màlúù ní Ìpẹ̀rù,
kò tí ì sẹ́ni tó ní kí wọ́n gé ẹran òun
kí atẹ́gùn lè gbé e lọ.
"Ọ̀gá tíṣà, ṣé owó ìfẹ̀yìntì ò tí ì wọlé ni?"
Gbogbo ìsọ̀ rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín.
Kò tí ì wọlé lóòótọ́.
Mo gbé odidi rẹ̀ délé, mo tì í sínú fìríìsà kó le díẹ̀,
mo wá jígí ojú mi, mo gé e fúnra mi.

Píà ló kàn nínú ìwé.
Kì í ṣe píà ọlọ́ràá tiwa o,
èyí olómi, tó jọ ápù.
Ta ló ń tà á nílẹ̀ Rẹ́mọ?
Ìyá Sùúrà yọjú lórí ògiri:
"Ẹ rin ìbẹ́pẹ tí ò tí ì pọ́n sí i. Egungun gan-an á rọ̀."
Mo rin ìbẹ́pẹ. Mo gún aáyù, mo gún atalẹ̀.
Yànmọ̀tí tí mo rà ní Ṣábó, ní Ṣágámù,
mo yan án títí ó fi ń tọ kiri
bí ọmọ iléèwé tó gbọ́ aago ìjáde.
Oyin ṣíbí mẹ́ta. Omi sóyà, dúdú bíi tàdáwà.

Lẹ́yìn náà ni mo ṣí ike pupa
tí ìyá Sújínì fi rán wọn láti Kòríà.
Mo gbóòórùn rẹ̀. Mo tún un gbóòórùn.
Irú! Irú tó gbé ẹ̀wù ata wọ̀!
Ẹni tó ń sin ẹ̀wà títí á fi rùn,
tó wá ń pè é ní adùn,
ìyẹn kì í ṣe àlejò mi.

Ó di ọ̀sẹ̀ karùn-ún tí Sújínì ti dé,
oyún oṣù mẹ́rin nínú.
"Ẹ ṣé, sà," òkèlè mẹ́ta, ó ti wẹwọ́.
Lóru mo ń gbọ́ ọ níbi tó ti ń bá ìyá rẹ̀ sọ̀rọ̀.
N kò gbọ́ èdè náà,
ṣùgbọ́n mo ti gbọ́ ohùn yẹn rí
lẹ́nu ọmọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mú wá sí ilé-ẹ̀kọ́ olùgbé.

Mo tan gáàsì. Ẹran kan páànù, ó ké.
Èéfín gba ojú fèrèsé lọ sílé kejì,
Ìyá Sùúrà sín, ó húkọ́: "Tíṣà, ẹ fẹ́ pa wá ni?"

N kò pe ẹnikẹ́ni.
Nígbà tí mo bojú wẹ̀yìn, ó ti dúró lẹ́nu ọ̀nà,
ẹsẹ̀ lásán, irun àìdì.
Ó fi ọwọ́ mú ẹran láti inú páànù, gbígbóná báyìí.
Kò sọ "Ẹ ṣé, sà."
Inú mi dùn pé kò sọ ọ́.
Ó mú òmíràn. Imú ń ṣàn, omijé ń bọ̀;
bóyá ata ni, bóyá kì í ṣe ata,
n kò bèèrè.

Ó bu gàrí sínú abọ́, ó da omi tútù sí i,
ó wá kó ẹran lé e lórí,
ohun tí èmi ọmọ bíbí ibí ò rò rí láyé mi.
Ó jẹun. Ó gbé ojú sókè.
"Kò ta tó, Bàbá."

Ìyàwó mi ló máa ń wí pé
ẹ̀mí tí kò jata, ẹ̀mí yẹpẹrẹ ni.
Igi ata wẹ́wẹ́ tó gbìn sẹ́yìnkùlé
ṣì ń so láìbi ẹnikẹ́ni.
Mo já mẹ́ta.
Mo ti dé ẹnu ọ̀nà kí n tó padà lọ já ìkẹrin.